Ìrìn-àjò Ọjọ́ Kan sí Òkè Olúmọ

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ Àbámẹ́ta kan, àwa akẹ́kọ̀ọ́ mẹ́jọ gbéra ní Ìbídò ní ilẹ̀ Rẹ́mọ pẹ̀lú olùkọ́ wa. A gba Ṣágámù àti Ṣíun kọjá kí a tó wọ Abẹ́òkúta.

Ní ẹsẹ̀ òkè, bàbá tí ó máa ń fi ọ̀nà han àlejò kìlọ̀ fún wa pé, “Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ máa tẹ̀lé mi. Òjò rọ̀ lánàá. Àpáta ń yọ̀.” Ó fi ihò tí àwọn Ẹ̀gbá sá pamọ́ sí nígbà ogun hàn wá, lẹ́yìn tí Ṣódẹkẹ́ kó wọn dé ibẹ̀ ní 1830. A rí ojú ibi tí àwọn obìnrin ti ń lọ oúnjẹ lórí òkúta.

Ọ̀kan nínú wa yà kúrò lọ́nà, kí ó lè kọ́kọ́ dé orí òkè. Ẹsẹ̀ rẹ̀ yọ̀! Bàbá náà gbá a lápá mú. Kò bá a wí, ó ní, “Ọmọ mi, nígbà ogun, ẹni tí ó bá ya ẹgbẹ́ rẹ̀ sílẹ̀ ni ọ̀tá ń mú.”

Lórí òkè, a rí odò Ògùn tí ń ṣàn lọ sí ọ̀sà Èkó. Nígbà náà ni mo mọ̀ pé kò sí ìtìjú nínú títẹ̀lé ẹni tí ó mọ ọ̀nà.

Ìbéèrè: Kí ni ìdí tí bàbá náà kò fi bá ọmọ náà wí?