Òjòjò, Ànàmọ́ àti Ọ̀rọ̀-Ìperí fún Oúnjẹ Dídín

1. Ìfáárà

Ní 1970 ni ètò ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ọlọ́dún mẹ́fà bẹ̀rẹ̀ ní Ilé-Ifẹ̀, lábẹ́ àbójútó Ọ̀jọ̀gbọ́n Babs Fafunwa. Ètò náà fi hàn pé ọmọ Yorùbá lè fi èdè abínibí rẹ̀ kọ́ sáyẹ́ǹsì. Ìbéèrè tí ó tẹ̀ lé e ni ti ibi tí ọ̀rọ̀-ìperí yóò ti máa wá. Àwọn kan gbà pé kí onímọ̀ jókòó, kí ó ṣẹ̀dá ọ̀rọ̀ tuntun. Àwọn mìíràn gbà pé kí ó kọ́kọ́ tẹ́tí sí ẹnu àwọn tí ń ṣe iṣẹ́ náà. Àpilẹ̀kọ yìí fi oúnjẹ dídín ní agbègbè Ìkòròdú àti Ẹ̀pẹ́ ṣe àpẹẹrẹ ọ̀nà kejì yìí.

2. Òjòjò àti ewùrà

Láti Èbúté Ìkòròdú títí dé Ẹ̀pẹ́ ní etí ọ̀sà, gẹ́gẹ́ bí ó ti rí ní ilẹ̀ Ìjẹ̀bú, oúnjẹ méjì ni ewùrà fi lókìkí: ìkọ́kọrẹ́ tí wọ́n ń sè, àti òjòjò tí wọ́n ń dín. Alásè a bó ewùrà, a rin ín, a po ata, àlùbọ́sà àti iyọ̀ mọ́ ọn, a sì máa bù ú díẹ̀díẹ̀ sínú epo gbígbóná. Òjòjò kò gba ẹyin, kò sì gba ìyẹ̀fun. Ìdí ni pé ewùrà ní oje tí ń fà bí ilá. Oje yìí ni ó so ó pọ̀. Orúkọ tí ó yẹ irú oje bẹ́ẹ̀ nínú ìwé sáyẹ́ǹsì ni "oje afà".

Ṣùgbọ́n bí ẹnìkan bá fi ànàmọ́ ṣe gẹ́gẹ́ bí wọ́n ti ń ṣe ewùrà, yóò tú ká nínú epo, tàbí kí ẹ̀yìn rẹ̀ dúdú nígbà tí inú rẹ̀ ṣì rọ̀ pẹ̀tẹ̀. Kí ìdí rẹ̀ tó lè yé akẹ́kọ̀ọ́, orúkọ ohun tí ó wà lọ́wọ́ gbọ́dọ̀ dájú ná.

3. Ọ̀ràn orúkọ

Ohun ọ̀gbìn mẹ́ta ni ọ̀rọ̀ yìí kàn. Ewùrà ni Dioscorea alata. Ẹbí iṣu ni, láti ìlà-oòrùn gúúsù Éṣíà ni ó sì ti wá. Ànàmọ́ dídùn ni Ipomoea batatas, tí ó ti ilẹ̀ olóoru Amẹ́ríkà wá. Ẹ̀kẹta ni Solanum tuberosum, tí ó ti òkè Andes wá, tí ó sì bá tòmátì tan. Èdè Yorùbá ní ànàmọ́, ọ̀dùnkún àti kúkúǹdùnkún, ṣùgbọ́n ẹlòmíràn a máa fi ànàmọ́ tàbí ọ̀dùnkún pe ẹ̀kejì àti ẹ̀kẹta bákan náà.

Àdàlù yìí kì í ṣe eré. Ewé ànàmọ́ dídùn ṣeé sè jẹ, àwọn ènìyàn sì ń jẹ ẹ́ ní ọ̀pọ̀ ilẹ̀. Ewé ẹ̀kẹta ní májèlé tí ń jẹ́ solanine, bẹ́ẹ̀ ni ara rẹ̀ tí oòrùn ti sọ di àwọ̀ ewé. Ìwé tí ó bá kọ "ewé ọ̀dùnkún ṣeé jẹ" láìṣàlàyé lè pa ènìyàn lára. Nítorí náà, ó tọ́ kí ìwé sáyẹ́ǹsì fi "ànàmọ́" mọ sí Ipomoea batatas, kí ó sì máa pe Solanum tuberosum ní "ànàmọ́ òyìnbó" nígbà gbogbo. Ilé ni à ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ.

4. Ki, dì, pọ́n, jó

Ọ̀rọ̀ mẹ́rin tí ó wà ní ilé ìdáná tó láti ṣàlàyé iṣẹ́ ooru.

Ki: Ohun funfun tí ń sílẹ̀ sí ìsàlẹ̀ omi ànàmọ́ tí wọ́n rin ni sítáàṣì, irú èyí tí alágbàfọ̀ fi ń mú aṣọ le. Bí omi àti ooru bá bá a, yóò mu omi, yóò wú, yóò sì ki, gẹ́gẹ́ bí ògì ṣe ń ki lórí iná.

Dì: Bí ohun tí ó ki bá tutù, a dì, gẹ́gẹ́ bí ẹ̀kọ ṣe ń dì nínú ewé. Kíki àti dídì kì í ṣe ohun kan náà.

Pọ́n: Omi kì í jẹ́ kí ooru ohun tí wọ́n ń dín kọjá dígírì Celsius 100. Nígbà tí omi ara rẹ̀ bá ti hó jáde tán ni ẹ̀yìn rẹ̀ tó lè gbóná ju bẹ́ẹ̀ lọ, kí ó gbẹ, kí ó sì máa rún wómúwómú. Ìgbà náà ni ṣúgà àti èròjà inú purotéènì ń para pọ̀ di àwọ̀ pípọ́n àti òórùn dídùn. Louis Camille Maillard, ọmọ ilẹ̀ Faransé, ni ó ṣàlàyé rẹ̀ ní 1912. "Ìdínpọ́n" kò tó láti pè é, nítorí búrẹ́dì àti iṣu sísun náà ń pọ́n. "Ìfoorupọ́n" ni ó kárí gbogbo rẹ̀.

Jó: Èyí ni pípọ́n tí ó kọjá ààlà. Ní 2002, àwọn onímọ̀ ní Sweden kéde pé àkírílámáìdì ń wà nínú oúnjẹ onísítáàṣì tí wọ́n dín tàbí tí wọ́n yan. Láti 1994 ni àjọ àgbáyé tí ń ṣèwádìí àrùn jẹjẹrẹ ti kà á mọ́ ohun tí ó jọ pé ó lè fa àrùn náà. Bí oúnjẹ ṣe ń dúdú sí i ni ó sábà máa ń pọ̀ sí i. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ó mọ ìyàtọ̀ pọ́n àti jó ti mọ ibi tí ó yẹ kí ó ti gbé agbada kúrò lórí iná.

5. Dídín ànàmọ́

Ànàmọ́ kò ní oje afà tó ti ewùrà. Ó sì ní ẹ́ńsáìmù tí ń sọ sítáàṣì di ṣúgà bí ooru ti ń bá a. Nítorí náà ni ó fi ń yára pọ́n. Ọ̀nà àbáyọ nìyí:

(i) Kí alásè rin gíráàmù 500 ànàmọ́, kí ó fi aṣọ mímọ́ fún omi rẹ̀ jáde dáadáa.
(ii) Kí ó jẹ́ kí omi náà sílẹ̀, kí ó da omi òkè nù, kí ó sì dá sítáàṣì ìsàlẹ̀ padà sínú ànàmọ́.
(iii) Kí ó fi ẹyin kan àti ṣíbí ìyẹ̀fun mẹ́ta so ó pọ̀, tàbí kí ó rin ewùrà díẹ̀ mọ́ ọn dípò méjèèjì. Ata, àlùbọ́sà àti iyọ̀ tẹ̀ lé e.
(iv) Kí ó tẹ́ ẹ pẹlẹbẹ, kí ó má nípọn ju sẹ̀ǹtímítà kan lọ, kí ó sì dín in díẹ̀díẹ̀ nínú òróró tí ooru rẹ̀ tó 170. Bí ó bá kó púpọ̀ sínú epo lẹ́ẹ̀kan, epo yóò tutù, ànàmọ́ yóò sì mu epo.
(v) Bí ó bá ti pọ́n, kí ó yọ ọ́ sínú asẹ́. Bí wọ́n bá tò ó lé ara wọn nígbà tí ó gbóná, oruku omi inú rẹ̀ yóò tún mú un rọ̀.

6. Ìgúnlẹ̀

Nínú gbogbo ọ̀rọ̀ tí ẹ̀kọ́ yìí lò, díẹ̀ ni ó jẹ́ àṣẹ̀ṣẹ̀dá. Ki, dì, pọ́n, jó, fà àti wómúwómú ti wà lẹ́nu àwọn ìyá tí ń dín òjòjò kí ilé-ẹ̀kọ́ tó dé. Iṣẹ́ onímọ̀ ni láti pààlà sí ìtumọ̀ ọ̀kọ̀ọ̀kan, kí ó sì ṣẹ̀dá tuntun níbi tí àlàfo bá wà nìkan.