Ẹ̀kọ́ Kẹrìnlá: Ìràwọ̀ Tó Ṣù Jọ Lójú Ọ̀run

Nínú ẹ̀kọ́ tó kọjá a ka ọ̀rọ̀ nípa òṣùpá, àti Àgùàlà tí à ń pè ní ajá òṣùpá. Lónìí a ó lọ jìnnà ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Ìyá àgbà kan nínú kíláàsì wa ló dá ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀. Ó ní láti kékeré lòun ti ń rí àwọn ìràwọ̀ wẹ́wẹ́ kan tí wọ́n ṣù jọ sójú kan bí ọmọ adìẹ. Ó bi mí bóyá ìràwọ̀ gidi ni tàbí ìkùukùu. Bàbá kan tó jókòó lẹ́yìn rẹ̀ ní ìkùukùu ni, nítorí òun kò rí wọn ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Àwọn méjèèjì jiyàn títí a fi tú ká. Èmi kò tètè dá sí i, nítorí ìyàn yìí kan náà ni àwọn ọ̀mọ̀wé ayé ti jà fún ọdún púpọ̀ kí wọ́n tó rí ìdí rẹ̀.

Àwọn ìràwọ̀ tí ìyá ń wí, àwọn Hausa ń pè wọ́n ní Kaza mai ’ya’ya, ìyẹn adìẹ ọlọ́mọ. Àwọn Lárúbáwá ń pè wọ́n ní Thurayya, orúkọ tí àwọn Mùsùlùmí kan ń sọ ọmọbìnrin. Òyìnbó ń pè wọ́n ní Pleiades. Bí ẹ bá fẹ́ rí wọn, ẹ jáde ní oṣù kọkànlá, kí eruku ọyẹ́ tó pọ̀, ní nǹkan bí aago mẹ́sàn-án alẹ́ tí kò sí òṣùpá, kí ẹ kọjú sí ìlà-oòrùn. Ibi tí iná mànàmáná kò sí ló dára jù, bí ọ̀nà odò Ọbà, tàbí kí ẹ dúró de ìgbà tí iná bá lọ. Ìgbà kan ṣoṣo nìyẹn tí inú mi máa ń dùn pé iná lọ. Ẹni tí ojú rẹ̀ ríran dáadáa yóò ka mẹ́fà tàbí méje.

Ní ọdún 1610, ará Ítálì kan tó ń jẹ́ Galileo fi awò tí a fi ń wo ọ̀nà jíjìn wò wọ́n. Ó ya 36 sínú ìwé rẹ̀. Lónìí a mọ̀ pé wọ́n lé ní 1,000. Ọmọ ìyá ni gbogbo wọn: inú ìkùukùu kan ni wọ́n ti jáde, ní nǹkan bí 100 mílíọ̀nù ọdún sẹ́yìn, wọ́n sì ń rìn pọ̀ títí di òní. Ìyá àgbà ló jàre. Agbo ìràwọ̀ ni.

Ṣùgbọ́n bàbá náà kò jẹ̀bi tán, nítorí ìkùukùu wà lójú ọ̀run lóòótọ́. Ní oṣù kìíní, lẹ́yìn aago mẹ́sàn-án alẹ́, ẹ wá àwọn ìràwọ̀ mẹ́ta tí wọ́n tò gbọọrọ, tí ìmọ́lẹ̀ wọn fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba. Ní apá gúúsù wọn ẹ ó rí àwọn kéékèèké mìíràn tó tò. Èyí tó wà láàrin kò dá ṣáká. Ó ṣe bàìbàì bí àtùpà tí èéfín bo gíláàsì rẹ̀. Ìkùukùu Orion nìyẹn. Kì í ṣe omi bí ìkùukùu òjò, afẹ́fẹ́ àti eruku ni, inú rẹ̀ ni àwọn ìràwọ̀ tuntun ti ń jáde títí di ìsinsìnyí. Ìmọ́lẹ̀ yára tó bẹ́ẹ̀ tí yóò fi yí ayé wa ká ní ìgbà méje láàrin ìṣẹ́jú àáyá kan. Ti oòrùn ń gba ìṣẹ́jú mẹ́jọ kó tó dé ọ̀dọ̀ wa. Ti Orion gba nǹkan bí 1,300 ọdún. Èyí tí ẹ bá rí lálẹ́ òní ti kúrò lọ́hùn-ún kí a tó tẹ Ìwó dó.

Ìkùukùu mìíràn wà tó jẹ́ òkú ìràwọ̀. Ní oṣù keje ọdún 1054, àwọn awòràwọ̀ ọba ilẹ̀ Ṣáínà rí ìràwọ̀ kan tí wọn kò rí rí. Wọ́n pè é ní àlejò. Ó mọ́lẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí wọ́n fi rí i lọ́sàn-án gangan fún ọjọ́ 23, kó tó wọ̀ lẹ́yìn nǹkan bí ọdún méjì. Àyànmọ́ ọba ni wọ́n ń wá lójú ọ̀run, bí àwọn kan ti ń gba owó lọ́wọ́ yín lónìí láti fi ìràwọ̀ wo ọjọ́ ọ̀la. Ọ̀rọ̀ àyànmọ́ yẹn kò ran ẹnikẹ́ni lọ́wọ́ mọ́. Ọjọ́ tí wọ́n kọ sílẹ̀ ni a ń lò. Ní 1731, John Bevis ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì rí ìkùukùu kékeré kan ní ibẹ̀. Charles Messier, ará Faransé, tún rí i ní 1758, ó sì fi ṣe nọ́ńbà kìíní nínú ìwé tó ń kọ orúkọ irú nǹkan bẹ́ẹ̀ sí, tó di 103 ní 1781. Nítorí pé ó jọ akàn lójú ẹnìkan, wọ́n ń pè é ní Ìkùukùu Akàn. Ìwé àwọn ará Ṣáínà ló jẹ́ kí a mọ ọdún tí ìràwọ̀ ibẹ̀ bú.

Ọmọ Nàìjíríà wà nínú ìtàn yìí. Orúkọ rẹ̀ ni Samuel Okoye. Ní Cambridge, òun àti olùkọ́ rẹ̀, Antony Hewish, ń gba ìgbì rédíò tí ń ti ojú ọ̀run wá, irú ìgbì tí ń gbé ìròyìn wá sínú rédíò yín. Ní 1965 wọ́n kọ ọ́ jáde pé ohun kan tó kéré gan-an wà nínú Ìkùukùu Akàn tí ìgbì rédíò rẹ̀ le púpọ̀. Wọn kò tíì mọ ohun tó jẹ́. Ní 1967, Jocelyn Bell rí irú ìràwọ̀ tí ń yí tí ìgbì rẹ̀ ń lù kì-kì-kì bí ọkàn ènìyàn. Ní 1968 a rí ọ̀kan nínú Ìkùukùu Akàn: ìyókù ìràwọ̀ àlejò náà ni, ó ń yí nígbà 30 ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Okoye padà wá sílé, ó sì dá ibi ìwádìí sílẹ̀ ní Nsukka ní 1972. Ó kú ní 2009. Mo fẹ́ kí àwọn ọmọ wa mọ orúkọ rẹ̀ bí wọ́n ti mọ orúkọ agbábọ́ọ̀lù.

Ó ku irú kẹta, òun ló sì tan ènìyàn jẹ jù. Ní nǹkan bí ọdún 964, Abd al-Rahman al-Sufi, ará Páṣíà, kọ̀wé nípa ìkùukùu kékeré kan ní apá àríwá. Àwa náà lè rí i ní Ìwó ní oṣù kọkànlá, tí ilẹ̀ bá ṣú dáadáa. Àwọn ọ̀mọ̀wé rò pé afẹ́fẹ́ lásán ni. Ẹni tó fún wọn ní òṣùwọ̀n ni obìnrin kan ní Amẹ́ríkà, Henrietta Leavitt, tí etí rẹ̀ kò gbọ́ràn dáadáa, tí owó iṣẹ́ rẹ̀ sì kéré. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó máa yẹ àwòrán ìràwọ̀ wò lórí gíláàsì. Àwọn ìràwọ̀ kan wà tí wọ́n ń mọ́ tí wọ́n sì ń ṣú lóòrèkóòrè. Ó rí i, ó sì kọ ọ́ ní 1912, pé èyí tó bá pẹ́ kó tó tún mọ́ ni ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ tóbi jù. Bí ẹ bá mọ bí àtùpà obìnrin tó ń tajà alẹ́ ṣe tóbi tó, ẹ ó mọ bó ṣe jìnnà sí yín nígbà tó bá ń ṣe bàìbàì. Ọgbọ́n náà nìyẹn.

Ní oṣù kẹwàá ọdún 1923, Edwin Hubble rí irú ìràwọ̀ bẹ́ẹ̀ nínú ìkùukùu al-Sufi. Ó wọn ọ̀nà rẹ̀, ó sì rí i pé ó kọjá gbogbo ìràwọ̀ tiwa. Ìlú ńlá ìràwọ̀ mìíràn ni, tí a ń pè ní Andromeda. Ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ gba mílíọ̀nù méjì àbọ̀ ọdún kó tó dé ọ̀dọ̀ wa. Àwa pẹ̀lú ń gbé inú irú ìlú bẹ́ẹ̀: ìlà funfun bí èéfín tó ré kọjá ojú ọ̀run ni àwọn ìràwọ̀ ìlú tiwa. Leavitt kò rí èyí. Ó ti kú ní 1921.

Iṣẹ́ ilé: ẹ mú ìwé yín jáde lálẹ́ kan tí ojú ọ̀run bá mọ́. Ẹ kọ ọjọ́, ẹ kọ aago, ẹ kọ iye ọmọ adìẹ tí ẹ kà. Kí ẹnì kankan má wo ti ẹnìkejì. Ìyá àgbà ti mú tirẹ̀ wá: ó kọ mẹ́fà. Bàbá kọ méje, ó sì ní ojú ìyá ni kò dá.