Ẹrù Orí Òkè àti Owó Ọwọ́

Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ọ̀wọ́n,

Ní ọdún 1955, Emma Gatewood, ìyá ọlọ́mọ mọ́kànlá tó ti pé ẹni ọdún 67, gbéra ní ìpínlẹ̀ Georgia tí ìwọ ń gbé báyìí, ó sì fẹsẹ̀ rin ojú ọ̀nà Appalachian dé Òkè Katahdin ní Maine. Ìrìn náà lé ní 2,000 máìlì. Kò sí obìnrin tó dá a rìn tán lẹ́ẹ̀kan náà ṣáájú rẹ̀. Màmá yìí kò ní àgọ́, kò ní àpò ìsùn. Àpò jíǹsì tó fọwọ́ ara rẹ̀ rán ló gbé kọ́ èjìká. Bùláńkẹ́ẹ̀tì ológun wà nínú rẹ̀, pẹ̀lú kọ́tìnnì balùwẹ̀ tó fi ń gba òjò sára. Bàtà kańfáàsì ló wọ̀, bàtà mélòó kan ló sì gbó mọ́ ọn lẹ́sẹ̀.

Àwọn ẹrù ìrìn orí òkè tí o ní o fẹ́ rà ló mú mi rántí rẹ̀.

N kò ní kí o ṣe bíi tirẹ̀ tán o. Òtútù orí òkè ń pa ènìyàn, pàápàá ẹni tí aṣọ òwú bá rẹ mọ́ lára. Ṣùgbọ́n ẹ̀wù òjò olówó gọbọi, tí awẹ́ tín-ín-rín inú rẹ̀ ń lé òjò padà tó sì ń jẹ́ kí ooru àágùn jáde, kò pọn dandan fún ẹni tó fẹ́ rin ìrìn ààbọ̀ ọjọ́ nígbà ẹ̀ẹ̀rùn.

Owó kò ṣẹ̀ṣẹ̀ máa dí àwọn tó ń gun òkè lọ́nà. Ní Seattle, Lloyd Anderson wá àáké yìnyín tó dára títí, ó ránṣẹ́ sí Austria, wọ́n sì tà á fún un ní dọ́là 3.50. Àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní kó bá àwọn náà rà. Nígbà tó di 1938, òun, Mary ìyàwó rẹ̀ àtàwọn ẹlẹgbẹ́ wọn dá REI, ẹgbẹ́ tó ń ta ẹrù gígun òkè, sílẹ̀. Dọ́là kan péré lẹnì kọ̀ọ̀kan fi wọlé. Ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù gan-an ni, irú èyí tí àwọn ìyá rẹ ń ṣe nílé! Ó ṣì wà dòní, ó sì ń ta ẹrù àlòkù fún àwọn ọmọ ẹgbẹ́.

Nítorí náà, kí ẹnì kan nínú ìwọ àtàwọn tí ẹ jọ fẹ́ rìn ra àgọ́, kí ẹlòmíràn ra sítóòfù, kí ẹ jọ máa lò ó. Bàtà nìkan ni kí o má ṣún owó rẹ̀ jẹ. Ọwọ́ ìrọ̀lẹ́ ni kí o lọ wọ̀ ọ́ wò, nígbà tí ẹsẹ̀ bá ti wú díẹ̀, pẹ̀lú ìbọ̀sẹ̀ tí o máa wọ̀ lọ. Kí àyè díẹ̀ ṣẹ́kù níwájú, torí ọmọ ìka ẹsẹ̀ ni ìsọ̀kalẹ̀ máa ń dá lóró.

Kọ iye tí bàtà náà jẹ́ ránṣẹ́. Èmi yóò san ìdajì.

Àbúrò bàbá rẹ