Ìdíje Owó-Ẹ̀kọ́ fún Ọmọbìnrin: Àpẹẹrẹ Ìbàràpá

Ohun tí mo fẹ́ yẹ̀ wò níhìn-ín ni ìdíje tí a fi ń fún àwọn ọmọbìnrin ilé-ẹ̀kọ́ girama ní owó-ẹ̀kọ́, èyí tí gbogbo wa ń pè ní sikọ́láṣíìpù. Àwọn kan a máa bèèrè pé, kí ló dé tí a fi ya ọmọbìnrin sọ́tọ̀? Ṣé ọpọlọ wọn kò tó ti ọkùnrin ni?

Ọ̀rọ̀ ọpọlọ kọ́. Ní 1909 ni ìjọba dá King's College sílẹ̀ ní Èkó fún ọmọkùnrin. Ó di 1927 kí Queen's College tó dé fún ọmọbìnrin, lẹ́yìn tí àwọn obìnrin Èkó ti bẹ̀bẹ̀ títí.

Ẹ jẹ́ kí a wá sí Ìbàràpá. (Ọmọ Èrúwà ni mí, ẹ má bínú.) Gbogbo ayé ló mọ Ìgbò-Ọrà mọ́ ìbejì. Ká ní Táíwò jẹ́ ọkùnrin, Kẹ́hìndé jẹ́ obìnrin, tí àwọn méjèèjì yege láti wọ yunifásítì lọ́dún kan náà, tí bàbá kò sì rí owó ju ti ẹnìkan lọ. Ẹ̀yin náà mọ ẹni tí yóò lọ. Kẹ́hìndé, tí àṣà wa pè ní ẹ̀gbọ́n, ni wọn yóò ní kí ó ní sùúrù, kí ó máa bá ìyá rẹ̀ yan gààrí. Ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ tí ìjọba Olóyè Bọ́lá Ìgè ṣe láti 1979 mú owó girama kúrò lọ́rùn òbí, ṣùgbọ́n ẹnu ọ̀nà yunifásítì ni wàhálà yìí ti ń bẹ̀rẹ̀.

Ní 2018, ọmọbìnrin márùn-ún láti Regina Pacis ní Onitsha gba ipò kìíní fún àwọn ọmọ kékeré nínú ìdíje Technovation ní Amẹ́ríkà. Ètò orí fóònù tí a fi ń dá ayédèrú oògùn mọ̀ ni wọ́n ṣe. Inú mi dùn sí i, àmọ́ wọ́n rí kọ̀ǹpútà lò, wọ́n sì rí olùkọ́ tó tọ́ wọn sọ́nà. Ìdíje tí a bá kéde rẹ̀ lórí íntánẹ́ẹ̀tì nìkan, tí a sì ṣe ìdánwò rẹ̀ ní Ìbàdàn nìkan, ọmọ tó ti rí jẹ tẹ́lẹ̀ ni yóò máa mú. Ọmọ Ìdèrè tàbí Ìgàngàn kò ní gbọ́ rárá.

Èrò tèmi ni pé kí a gbé ìdánwò náà lọ bá wọn ní ìlú méjèèje: Ìgbò-Ọrà, Èrúwà, Láńlátẹ̀, Ìdèrè, Ayétẹ̀, Tápà àti Ìgàngàn, kí àròkọ Yorùbá sì wà nínú rẹ̀. Ẹgbẹ́ wa lè fi owó fọ́ọ̀mù JAMB ọmọbìnrin méje bẹ̀rẹ̀. Kò tó iye tí a ń san fún àwọn onílù lọ́jọ́ àjọ̀dún wa.