Fóòmù, Àkéte àti Aṣọ Ibùsùn: Bí A Ti Ń Mú Wọn Bára Mu

Nínú ọ̀pọ̀lọpọ̀ ilé ní Agbówà, àti ní àwọn ìlú tí ó wà láàárín Ìkòròdú àti Ẹ̀pẹ́, ẹní ti fi àyè sílẹ̀ fún fóòmù. Àṣà náà kò tí ì pẹ́ púpọ̀, nítorí ní ọdún 1962 ni a dá ilé iṣẹ́ Vitafoam sílẹ̀ ní Ìkẹjà. Fóòmù tu ara lára púpọ̀, ṣùgbọ́n ó mú ìṣòro kan wá tí ẹní kò ní. Ibi tí a bá tẹ́ ẹní sí ni ààyè rẹ̀. Fóòmù ní tirẹ̀ gbọ́dọ̀ bá àkéte tí ó gbé e mu, aṣọ orí rẹ̀ gbọ́dọ̀ bá òun náà mu, àti àwọ̀n ẹ̀fọn pẹ̀lú. Bí ọ̀kan bá yẹ̀, àwọn yòókù kò lè ṣe iṣẹ́ wọn.

Ohun tí ó ń ṣi àwọn ènìyàn lọ́nà ni orúkọ nì, “síńgù.” Orúkọ ni, kì í ṣe ìwọ̀n. Ní Nàìjíríà ẹsẹ̀ bàtà ni àwọn tí ń ta fóòmù fi ń wọ̀n ọ́n. Èyí tí àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ ń gbé lọ jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 2½ ní ìbú àti 6 ní gígùn. Èyí tí ó wọ́pọ̀ nínú ilé fún ẹnì kan jẹ́ 3½ ní ìbú àti 6 ní gígùn. Ṣùgbọ́n àkéte tòkunbọ̀ ti ẹnì kan tí ó bá ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì wá jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 3 ní ìbú, gígùn rẹ̀ sì jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 6 àti íǹṣì 3. Púpọ̀ nínú ti Jámánì gùn tó sẹ̀ńtímítà 200. Ti Amẹ́ríkà jẹ́ íǹṣì 38 ní ìbú àti 75 ní gígùn. Síńgù ni gbogbo wọn ń jẹ́. Ìwé Deuteronomi kò sọ pé àkéte Ogu ọba Baṣani tóbi kí ó sì dákẹ́ síbẹ̀. Ó sọ iye ìgbọ̀nwọ́ rẹ̀, 9 ní gígùn àti 4 ní ìbú. Bẹ́ẹ̀ ni ó yẹ kí ẹni tí ń lọ sí ọjà mú ìwọ̀n lọ́wọ́.

Bí baba kan bá ra àkéte ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fún ọmọ rẹ̀, tí ó sì tẹ́ fóòmù ẹsẹ̀ bàtà 2½ sí i, àlàfo íǹṣì 6 ni yóò kù ní ẹ̀gbẹ́, àti íǹṣì 3 ní ìsàlẹ̀ ẹsẹ̀. Ọmọ kékeré tí ó bá yí sí àlàfo náà lóru lè fi ojú há sí àárín fóòmù àti igi, kò sì ní agbára láti gbé orí sókè. Èémí rẹ̀ lè dá láìjẹ́ pé ó ké. Nítorí èyí ni ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ti ẹwà ilé nìkan. Níbi tí ọmọdé bá ń sùn, àlàfo tí ó bá gba ju ìka méjì lọ ti pọ̀ jù. Ọmọ ọwọ́ kò sì gbọdọ̀ dá sùn lórí irú àkéte bẹ́ẹ̀ rárá. Bí fóòmù 3½ ni baba náà bá rà, yóò ga sókè ní ẹ̀gbẹ́ méjèèjì, àárín rẹ̀ yóò sì tẹ̀ wọnú bí inú ọkọ̀ apẹja.

Àkéte alájà méjì ní ewu tirẹ̀. Àwọn òbí a máa ra fóòmù tí ó nípọn fún ọmọ tí ó wà lókè, láìrò pé bí fóòmù ti ń ga ni igi ìdènà ń kúrú. Ó kéré tán, íǹṣì 5 igi náà gbọ́dọ̀ yọ lókè fóòmù.

Pákó kò jìnnà sí àwọn ará Agbówà; níbẹ̀ gan-an ni Ìjọba Ìpínlẹ̀ Èkó yàn ṣe ibùdó tuntun fún àwọn alápákó Oko-Bàbá ti Èbúté-Mẹ́ta. Ẹni tí ó bá lè ṣe é, kí ó kọ́kọ́ ra fóòmù, kí ó fi okùn ìwọ̀n wọ̀n ọ́n fúnra rẹ̀, kí ó tó pe gbẹ́nàgbẹ́nà. Inú àkéte ni kí wọ́n wọ̀n, kì í ṣe ẹ̀yìn rẹ̀. Fóòmù 3½ jẹ́ íǹṣì 42 ní ìbú àti 72 ní gígùn, nítorí náà kí inú àkéte jẹ́ 43 àti 73. Bí gbẹ́nàgbẹ́nà bá fi 42 àti 72 ṣe ìwọ̀n ẹ̀yìn, tí pákó rẹ̀ sì nípọn ní íǹṣì 1, inú yóò ku 40 àti 70, a ó sì máa fi ipá ti fóòmù bọ̀ ọ́. Kí àlàfo àárín àwọn pákó ìdábùú má ju ìka mẹ́rin lọ, ṣùgbọ́n kí ó wà, kí afẹ́fẹ́ lè gba abẹ́ fóòmù, nítorí létí ọ̀sà ohun gbogbo a máa bu. Ikán kì í tètè jẹ ìrókò. Àfárá rọ̀ ọ́ lọ́rùn.

Ní ti aṣọ ibùsùn, kí ìyá ilé ka ìbú fóòmù, ìlọ́po méjì ìnípọn rẹ̀, àti íǹṣì 6 ní ọ̀tún àti 6 ní òsì tí yóò wọ abẹ́. Fún fóòmù 3½ tí ó nípọn ní íǹṣì 6, èyí jẹ́ 42 àti 12 àti 12, àpapọ̀ 66. Gígùn rẹ̀ ní ọ̀nà kan náà jẹ́ 96. Bí ó bá fi aṣọ yìí sórí fóòmù oníǹṣì 10, òwúrọ̀ kì í mọ́ kí aṣọ náà má ti ká jọ sí àárín.

Ìbú ankárá kì í sábà ju íǹṣì 45 tàbí 46 lọ, nítorí náà a ní láti rán aṣọ pọ̀. Ọ̀pọ̀ ni ó ń rán méjì pọ̀ ní àárín gbùngbùn, ojú rírán náà a sì máa ha ẹni tí ó sùn lẹ́yìn. Èyí sàn jù: kí a ra ọ̀pá 6, kí a fọ̀ ọ́ kí a sì sá a gbẹ, nítorí òwú a máa súnkì, kí a wá gé e sí méjì ní gígùn íǹṣì 96. Kí odindi kan wà ní àárín. Kí a la ọ̀já méjì oníǹṣì 12 lára èkejì, kí a sì rán ọ̀kọ̀ọ̀kan mọ́ ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ojú rírán yóò bọ́ sí ẹ̀gbẹ́ fóòmù níbi tí ara kò ti ní kàn án, èyí tí ó ṣẹ́kù yóò sì tó àpò ìrọ̀rí.

Ní ọdún 1897 ni oníṣègùn Ronald Ross rí kòkòrò ibà nínú ikùn ẹ̀fọn ní ilẹ̀ Íńdíà. Òru ni ẹ̀fọn yìí ń jẹ ènìyàn, ihò kékeré sì tó o láti wọlé. Nítorí náà kí etí àwọ̀n wọ abẹ́ fóòmù yíká. Níbi tí igi àkéte bá ga tó fóòmù, tí ó sì há mọ́ ọn, ọwọ́ kò lè wọlé láti ki àwọ̀n bọ abẹ́. Kí igi ẹ̀gbẹ́ má ṣe ga ju íǹṣì 2 lọ lára fóòmù. Àwọ̀n tuntun tí a fi oògùn sí, kí a nà án sí ibòòji fún ọjọ́ kan kí a tó lò ó. Bí a bá fọ̀ ọ́, kí a má ṣe sá a sí oòrùn.

Ẹni tí tirẹ̀ kò bára mu tẹ́lẹ̀ kò ní láti ju ọ̀kankan nù. Bí àkéte bá fẹ̀ jù, kí a kan pákó mọ́ ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ nínú títí àlàfo yóò fi dí. Kí a má ṣe fi àkísà dí i, nítorí ọmọ lè rì sínú rẹ̀, ìdun sì fẹ́ràn irú ibẹ̀. Bí fóòmù ni ó bá tóbi jù, a lè fi ọ̀bẹ gígùn tí ó mú gé e, kí a sì rán àpò rẹ̀ kéré. Ṣùgbọ́n èyí tí ó ní wáyà sípíríǹgì nínú kò ṣe é gé.