Fìlà Kì í Wo Ibà

Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ̀yin dókítà tuntun, níbi ìsọmọlórúkọ ọjọ́sí, ọ̀kan nínú yín bi mí pé: “Bàbá, bí ìjọba bá fi ipò ńlá lọ̀ wá, irú èyí tó jẹ́ pé ayẹyẹ ni iṣẹ́ rẹ̀, ṣé ká gbà á?” Ariwo onílù kò jẹ́ n dáhùn. Ìdáhùn mi rèé.

Ẹ mọ̀ pé wolé-wolé ni mí kí n tó fẹ̀yìn tì. Mi ò kọ́ bí wọ́n ṣe ń la ikùn. Iṣẹ́ mi kò ju pé kí n wọ ilé onílé, kí n bẹ̀rẹ̀ sídìí ìkòkò omi, kí n ṣí ọmọrí rẹ̀, kí n bu igbá kan, kí n sì gbé e sí oòrùn. Tànwíjí á máa jó nínú omi náà bí òwú tó já. Màá ní, “Ìyá, ẹ wá wo ibà ọmọ yín kó tó hu ìyẹ́.” Ìyá tó ń bú mi nígbà tí mo wọlé ni yóò fọwọ́ ara rẹ̀ da omi náà nù. Ètò ìlera ìlú kò ju bẹ́ẹ̀ lọ: ká pàdé àrùn lọ́nà kó tó dé ilé. Ẹ má retí ọpẹ́ nídìí rẹ̀ o. Ta ní í dúpẹ́ ibà tí kò ṣe é?

Ní ti ipò ayẹyẹ tí ẹ béèrè, ẹ jẹ́ kí n sọ ti Dókítà Akanu Ibiam fún yín. Ọmọ Unwana ni, lẹ́bàá Afikpo. 1906 ni wọ́n bí i. Àna wa ni, torí Yorùbá ni ìyàwó rẹ̀, Eudora Ọláyínká. Ó kàwé ní King's College l'Ékòó, ó sì kọ́ iṣẹ́ ìṣègùn ní St Andrews, ní Scotland. Ẹni tó ní irú ìwé bẹ́ẹ̀ nígbà náà, ìgboro ló yẹ kó máa gbé. Abiriba ni Ibiam gbà lọ, lábẹ́ ìjọ Scotland, ó sì dá ilé ìwòsàn sílẹ̀ níbẹ̀. Ó tún ṣiṣẹ́ ní Itu àti Uburu, níbi tí àwọn adẹ́tẹ̀ ti ń gba ìtọ́jú.

Ní December 1960, wọ́n fi í ṣe gómìnà Ìlà-Oòrùn. Ẹ má fi ojú gómìnà òde òní wò ó o. Gómìnà ìgbà náà ló ń fọwọ́ sí òfin, òun ló ń ṣí ilé ìgbìmọ̀, òun ló ń gba àlejò ńlá. Prẹ́míà ló ń ṣèjọba. Lọ́dọ̀ tiwa níhìn-ín, ní Ìwọ̀-Oòrùn, Ọọ̀ni Adésọjí Adérẹ̀mí ló wà lórí irú àga bẹ́ẹ̀. Prẹ́míà ti Ìlà-Oòrùn, Michael Okpara, dókítà ni òun náà. Dókítà méjì: ọ̀kan di ọ̀bẹ mú, èkejì dé fìlà. Àgbà ní bí a bá fini joyè àwòdì, ó yẹ ká lè gbé adìẹ. Oyè tí Ibiam jẹ yìí, àwòdì tí wọ́n ti gé èékánná rẹ̀ ni. Ibiam wà lórí àga náà títí àwọn ológun fi gbàjọba ní January 1966.

Láti 1951 ni Gẹ̀ẹ́sì ti fi oyè Sir dá a lọ́lá. Nígbà tí ogun abẹ́lé dé ní 1967, tí Gẹ̀ẹ́sì ń ti ìjọba àpapọ̀ lẹ́yìn, ó dá oyè náà padà, ó sì bọ́ Francis, orúkọ ìrìbọmi rẹ̀, sílẹ̀. Ẹ̀yin ẹ má dá ẹjọ́ ogun o. Ohun tó kù sí i lọ́wọ́ ni kí ẹ wò. Sir lọ, Dókítà kù. Kò sí ọba tó lè gba ìyẹn, torí kò sí ọba tó fún un.

Ẹ má rò pé mo jókòó sókè tí mo ń bá yín wí. Lẹ́yìn tí mo fẹ̀yìn tì, ìlú kan fi mí ṣe bàbá ìsàlẹ̀ ilé ìtọ́jú aláboyún. Mo wọ agbádá, mo gé ríbọ́ọ̀nù, a ya fọ́tò, mo fọwọ́ sí ìwé àlejò. Lẹ́yìn oṣù mẹ́ta, mo ṣàdédé yà síbẹ̀. Fíríìjì abẹ́rẹ́ àjẹsára, tó yẹ kó wà láàárín 2 sí 8 lórí tẹmómítà Celsius, míníràlì àti omi inú ọ̀rá ló kún inú rẹ̀. Wọ́n ti ti abẹ́rẹ́ àwọn ọmọ ọlọ́mọ sínú bàsíà lórí tábìlì. Nọ́ọ̀sì ní láti ọjọ́ ìṣílé ni fíríìjì náà kò ti tutù dáadáa. Èmi tí mo ṣí ìkòkò gbogbo àdúgbò, mi ò ṣí fíríìjì kan ṣoṣo! Agbádá ni mò ń ká sí èjìká.

Nítorí náà, bí wọ́n bá fi yín joyè, ẹ jẹ ẹ́. Àga tí kò lágbára ṣì lójú, ó sì lẹ́sẹ̀. Ọ̀gá tí kì í gbọ́ ti wolé-wolé á dìde fún yín. Ẹ fi ìdìde yẹn béèrè fíríìjì, ẹ fi béèrè kànga. Ṣùgbọ́n kí ẹ tó gun àga, ẹ kọ́kọ́ ní Abiriba tiyín, ibì kan tí wọ́n ti mọ ọwọ́ yín kí wọ́n tó mọ orúkọ yín. Níbikíbi tí wọ́n bá sì ti tẹ́ ẹní ọ̀wọ̀ fún yín, ẹ bẹ̀rẹ̀, kí ẹ ṣí ìkòkò. Bí fìlà bá já bọ́ níbi tí ẹ ti ń bẹ̀rẹ̀, ẹ jẹ́ kó já.