Agbẹjọ́rò tó ń túmọ̀ òfin lórí tẹlifíṣọ̀n: ìdáhùn fún òǹkàwé kan ní Ifangni, ní Benin

Ilé ẹjọ́ ni agbẹjọ́rò tó ń túmọ̀ òfin lórí tẹlifíṣọ̀n ti ń kọ́ iṣẹ́ náà. Oníròyìn ló ń wá ẹni tó mọ òfin dunjú, tó sì lè là á yé ará ọjà láàárín ìṣẹ́jú mélòó kan. Fẹ́mi Fálànà, ọmọ Ìlawẹ̀-Èkìtì, ti gbèjà akẹ́kọ̀ọ́, òṣìṣẹ́ àti oníròyìn fún ọdún gbọọrọ, ìjọba ológun sì ti tì í mọ́lé rí, kó tó di ẹni tí àwọn ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n Nàìjíríà ń pè nígbàkígbà tí ọ̀rọ̀ òfin bá délẹ̀. Ohun tójú rẹ̀ ti rí ní kọ́ọ̀tù ló ń jẹ́ kí ọ̀rọ̀ rẹ̀ tẹ̀wọ̀n. Ẹnu dídùn nìkan kò lè ṣe é.

Ní Amẹ́ríkà, Court TV, ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n tó ń fi ìgbẹ́jọ́ hàn, bẹ̀rẹ̀ ní 1991. Ẹjọ́ ìpànìyàn tí wọ́n pe O. J. Simpson, gbajúmọ̀ agbábọ́ọ̀lù, ní 1995 ló sọ títúmọ̀ òfin di iṣẹ́ tí lọ́yà lè fi jẹun. Johnnie Cochran, tó gbèjà Simpson, pàápàá di olóòtú ètò lórí Court TV lẹ́yìn náà. Ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà, àlejò tí wọ́n pè wá sọ̀rọ̀ kì í sábà gbowó. Orúkọ ló ń rí níbẹ̀, iṣẹ́ kọ́ọ̀tù ló sì ń bọ́ ọ.

Inú orúkọ yẹn náà ni ewu wà. Ìlànà iṣẹ́ lọ́yà ní Nàìjíríà kò gbà kí agbẹjọ́rò tó wà nínú ẹjọ́ kan máa sọ ohun tó lè da ìdájọ́ rú níta kọ́ọ̀tù. Ní Benin, àṣírí oníbàárà kò gbọdọ̀ jáde lẹ́nu agbẹjọ́rò, bó ti wù kí olóòtú tẹ̀ ẹ́ tó.

Òǹkàwé náà béèrè bóyá iṣẹ́ yìí lè wà fún ọ̀dọ́ agbẹjọ́rò ní Ifangni. Ó wà, ó sì ṣe pàtàkì níbẹ̀ ju ibi púpọ̀ lọ. Ẹnubodè Ìgòlò tó wọ Nàìjíríà kò jìnnà, àwọn èèyàn ń ná ọjà lábẹ́ òfin méjì, ohun tí lọ́yà Èkó sì sọ lórí afẹ́fẹ́ lè ṣi wọ́n lọ́nà. Òfin ẹbí Benin ti 2004 kò mọ ìgbéyàwó mìíràn ju ti oníyàwó kan lọ. Ní Nàìjíríà, òfin gba ìgbéyàwó ìbílẹ̀, ìyàwó ìbáà pé mẹ́ta. Ní ti ilẹ̀, òfin 1978 fi ilẹ̀ ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan ní Nàìjíríà sábẹ́ gómìnà. Ní Benin, òfin ilẹ̀ ti 2013 ló ń sọ bí èèyàn ṣe ń gba ìwé ilẹ̀. Ẹni tó fi owó rẹ̀ ra ilẹ̀ lórí ìmọ̀ràn tí kò bá òfin orílẹ̀-èdè tí ilẹ̀ náà wà mu lè pàdánù owó náà.

Fún ìdí èyí, ẹni tó bá fẹ́ ṣe iṣẹ́ náà níbẹ̀ ní láti kọ́kọ́ gba CAPA, ìwé ẹ̀rí tó ń fàyè gba èèyàn láti wọṣẹ́ agbẹjọ́rò, kó parí ìkọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ àgbà agbẹjọ́rò, kó sì máa sọ òfin orílẹ̀-èdè tó ń túmọ̀ kó tó túmọ̀ rẹ̀. Èdè Faransé ni wọ́n fi kọ òfin Benin, ẹni tí kò gbọ́ ọ sì nílò ẹni tí yóò là á yé e, nítorí náà rédíò tó ń sọ Yorùbá ni ibi tó dára jù láti bẹ̀rẹ̀.